Ọbẹ̀ Ìyá Susi

Bí àwa tí a jọ dé Calgary bá pàdé, kì í pẹ́ kí oníkálukú tó sọ ohun tó fi ń yangàn. Ẹnìkan á ní òun ti gba PR, ìwé ìgbélùú. Ẹlòmíràn á ní òun ti ra ilé sí Airdrie, ilé tí ọkọ̀ méjì ń wọ gáréèjì rẹ̀. Èmi náà ní tèmi, ṣùgbọ́n mo máa ń dákẹ́ títí wọn á fi sọ tiwọn tán. Ìgbà náà ni mo máa wá sọ pé mo mọ ẹran caribou sè bí àwọn Inuit, àwọn onílẹ̀ ìhà àríwá níbi tí igi kì í hù, ṣe ń sè é, àti pé ìyá àgbà kan tó ti lé ní àádọ́rin ọdún ló fi ẹnu ara rẹ̀ jẹ́rìí sí i. Wọ́n á bú sẹ́rìn-ín. "Omi àti iyọ̀ nìkan? Ṣé ìyẹn náà lọbẹ̀?" N kì í bá wọn jiyàn. Wọn ò mọ ohun tí ojú mi rí kí ọbẹ̀ yẹn tó jinná.

Ẹ jẹ́ kí n bẹ̀rẹ̀ láti orí orúkọ. Ìyá bàbá mi kú ní Ṣakí, kò pé oṣù kan tí wọ́n fi bí mi. Ilé là á wò ká tó sọmọ lórúkọ, nítorí náà ẹ ti mọ orúkọ tí wọ́n sọ mí, n kò ní í ṣẹ̀ṣẹ̀ kọ ọ́ síbí. Ṣùgbọ́n kò sẹ́ni tó ń fi orúkọ náà pè mí nílé. Màmá ni wọ́n ń pè mí. Bàbá mi tó bí mi lọ́mọ ń pè mí ní Màmá. Àwọn àbúrò bàbá mi, géńdé onírùngbọ̀n, á ti oko dé, wọ́n á bẹ̀rẹ̀ lójú ọ̀nà, wọ́n á ní, "Màmá, ẹ kú ilé o." Èmi ọmọ ọdún mẹ́rin, tí ikun ń yọ nímú mi, á gbé àgbọ̀n sókè, máa dáhùn bí ìyá mi ṣe kọ́ mi: "Mo wà ńbí, ọmọ mi." Wọ́n á gbàdúrà sí i, wọ́n á sì fún mi ní ẹran. Mo rò pé gbogbo ilé ayé ni wọ́n ti ń ṣe bẹ́ẹ̀.

Nígbà tí mo dé Calgary, kò sí Màmá mọ́. Ibi iṣẹ́ gé orúkọ mi sí méjì, wọ́n ju ìdí rẹ̀ nù, èyí tó ṣẹ́kù wá jọ orúkọ iwin onírun kan tí wọ́n ní ó ń gbé inú snow. Wọn kò ní i lérò láti bú mi, èèyàn dáadáa ni wọ́n. Mo ń dá wọn lóhùn. Ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ríṣẹ́ kì í bá ọ̀gá jà lórí orúkọ.

Òtútù kọ́ ló kọ́kọ́ bà mí lẹ́rù. Wọ́n ti sọ ti òtútù fún mi nílé débi pé nígbà tí mo rí i, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ dà bí ojúlùmọ̀. Ohun tí ẹnikẹ́ni kò sọ fún mi ni pé ilẹ̀kùn máa ń ta èèyàn bí iná mànàmáná bí o bá fọwọ́ kàn án, pé afẹ́fẹ́ ibẹ̀ gbẹ tó bẹ́ẹ̀ tí ẹ̀jẹ̀ ń yọ nímú mi, pé agogo mẹ́rin ààbọ̀ ìrọ̀lẹ́ ni oòrùn ń wọ̀ ní December. Ẹnikẹ́ni kò sì sọ ti Chinook, afẹ́fẹ́ gbígbóná tó ń ti orí òkè wá. Láàárọ̀ ọjọ́ kan nínú January, mo wọ gbogbo ohun tí mo ní jáde, mo rí i tí snow ń yọ́ lórí òrùlé tí ó ń kán tó-tó-tó, aládùúgbò mi kan sì wọ ṣẹ́ẹ̀tì ọlọ́wọ́ péńpé ń fọ mọ́tò. Mo pa dà wọlé lọ wo kàlẹ́ńdà.

Ti àwọn àgbà ló yà mí lẹ́nu jù lọ. Nọ́ọ̀sì ni mí, ọdún mẹ́sàn-án ni mo fi gbẹ̀bí ní Ṣakí. Kí ìwé àṣẹ mi tó jáde ní Canada, iṣẹ́ olùrànlọ́wọ́ ni mo rí, ní ilé ìtọ́jú àwọn arúgbó kan ní ìhà Seton. Bàbá tó ti lé ní ọgọ́rin ọdún wà níbẹ̀, wọ́n ní kí n máa pè é ní Frank. Mo ní, "Good morning, Mr. Frank." Ó ní, "Just Frank." Ẹnu mi kọ̀ ọ́. Mo ní, "Okay, Daddy Frank." Ó rẹ́rìn-ín títí ikọ́ fi mú un. Láti ọjọ́ náà, bí ẹlòmíràn bá wá wẹ̀ fún un, á ní òun ń dúró de ọmọ òun. Mo ka ìyẹn sí ìṣẹ́gun, mo sì sọ ọ́ fún ìyá mi lórí fóònù.

Basement, yàrá abẹ́ ilé, ni mo ń gbé, ní Saddle Ridge. Fèrèsé mi kò ga ju ilẹ̀ lọ, ẹsẹ̀ èèyàn àti táyà mọ́tò ni mo ń rí níbẹ̀, bí snow bá sì pọ̀, n kì í rí nǹkan kan. Mo máa ń se ọbẹ̀ ẹni mẹ́fà, nítorí n kò mọ bí wọ́n ṣe ń se ti ẹnìkan, máa wá fi odidi ọ̀sẹ̀ kan dá a jẹ. Nígbà míì mo máa ń bá ìkòkò sọ̀rọ̀. Ẹ má rẹ́rìn-ín, ó ń ṣe yín náà.

Ẹni tó ni ilé ni Auntie Susi, obìnrin tó sún mọ́ ọgọ́ta ọdún, tó ń jókòó sídìí tábìlì iwájú ní ibi iṣẹ́ wa. Òun ló ń fi mọ́tò rẹ̀ gbé mi gba ojú ọ̀nà Deerfoot lọ síbi iṣẹ́. Bí kò bá sí níbẹ̀, train méjì àti bọ́ọ̀sì kan ni màá wọ̀ láti Saddletowne. Ó sọ fún mi pé kí n má pe òun ní Auntie. Mo ní, "Yes, Auntie."

Inuit ni. Ìlú kékeré kan létí òkun ní àríwá pátápátá ni wọ́n bí i sí. Ọmọ ọdún mẹ́fà ni wọ́n gbé e wá sí gúúsù fún ìtọ́jú àìsàn, ìtọ́jú náà pẹ́, ìdílé òyìnbó kan ní Calgary ló sì tọ́ ọ dàgbà. Nígbà tó máa fi rí ìyá rẹ̀ pa dà, ó ti di abilékọ. Ọ̀rọ̀ èdè ìyá rẹ̀ tó kù lẹ́nu rẹ̀ kò ju ogún lọ, àwọn tí ọmọdé fi ń béèrè oúnjẹ tí wọ́n sì fi ń kọ̀ ọ́.

Ní October ọdún kejì mi ni wọ́n gbé ìyá náà wá sí Calgary láti ṣiṣẹ́ abẹ inú fún un. Susi ní kí n máa pè é ní Miali, orúkọ rẹ̀ nìyẹn. Mo ní ìyẹn kò lè ṣẹlẹ̀ láéláé. Ìyá Susi ni mo pè é, ó sì mọ́ ọn lára. Obìnrin kúkúrú, ojú rẹ̀ kún fún ìlà ẹ̀rín, gẹ̀ẹ́sì rẹ̀ kò ju "yes," "no" àti "tea" lọ. Ohun kan tó ń yà mí lẹ́nu ni pé anaana ló ń pe Susi, Susi sì ti sọ fún mi pé ìyá ni anaana. Mo rò pé bóyá ọjọ́ orí ti ń da ìyá láàmú.

Iṣẹ́ abẹ náà yọrí, wọ́n sì gbé e wá sílé Susi. Ṣùgbọ́n Ìyá Susi kò jẹun. Susi bu ọbẹ̀ inú agolo, kò jẹ ẹ́. Ó ra adìyẹ, ìyá yí ojú sí ògiri. Dókítà wá sọ ọ́ láìfi epo bọyọ̀: bí kò bá jẹun kí ara rẹ̀ le, òun ò ní í jẹ́ kí ó wọ ọkọ̀ òfuurufú pa dà sílé. Ìyá sì ti sọ ohun kan ṣoṣo fún ọmọ rẹ̀ ọkùnrin lórí fóònù, pé òun ò fẹ́ kú sí ibi tí òun ò ti lè rí òkun.

Ọmọkùnrin náà fi ẹran ránṣẹ́. Caribou ni, ẹran ìgbẹ́ tó jọ àgbọ̀nrín, àmọ́ tó tóbi jù ú lọ, tí ìwo rẹ̀ sì yàtọ̀. Ìdì mẹ́ta tó ti dì, ó le bí òkúta. Susi gbé wọn sórí tábìlì, ó ń wò wọ́n.

Ó ní, "Mi ò mọ̀ ọ́n sè. Calgary ni mo dàgbà sí. Burger ni mo mọ̀. Àbúrò mi ò sì ní í rí òmíràn fi ránṣẹ́ títí di spring."

Ẹnu mi yá. Ìyá mi ni olórí àwọn tó ń dáná ní ilé ìwé girama kan tí àwọn ọmọ ń sùn, ẹ̀ẹ́dẹ́gbẹ̀ta ọmọ ló ń bọ́ lẹ́ẹ̀mẹta lójúmọ́. Mo ní, "Auntie, ẹ gbé e fún mi, jàre. Ẹran ni ẹran. Ẹ lọ síbi iṣẹ́ yín, kí ẹ má ṣe ìyọnu kankan."

Mo mú ìdì kìíní lọ sí basement. Ó ń rùn bí ẹran inú igbó. Mo bu iyọ̀ sí i, mo fún ọsàn wẹ́wẹ́ lé e, mo fọ̀ ọ́ lẹ́ẹ̀mẹta títí ó fi funfun. Mo gé gbogbo ọ̀rá rẹ̀ dànù. Mo fi àlùbọ́sà, kọ́rì, táìmù àti mágì mẹ́ta bọ̀ ọ́, mo da omi rẹ̀ nù, mo dín in, mo sì wá fi ata rodo yí i. Òórùn rẹ̀ gba gbogbo ilé. Mo gbé e gòkè, mo kúnlẹ̀, mo sì gbé àwo fún Ìyá Susi.

Ó fi í sẹ́nu. Ó jẹ ẹ́ lẹ́nu pẹ́, omi sì yọ lójú rẹ̀. Ó wò mí, ó rẹ́rìn-ín músẹ́, ó fọwọ́ kan ọrùn ọwọ́ mi, ó ní, "Mamaittuq."

Ẹ fetí Yorùbá gbọ́ ọ bí mo ṣe gbọ́ ọ: Màmá, ìtù.

Ta ló sọ fún un? Ọdún kan àtààbọ̀ ni mo ti wà ní Calgary láìgbọ́ ọ lẹ́nu ẹni tó wà níwájú mi. Màmá! Ó kù kí n mọ èyí tó tẹ̀ lé e, ó sì yé mi kíá: Màmá, ó tutù. Oúnjẹ ti tutù. Mo gba àwo, mo sáré lọ fi microwave gbé e gbóná, mo gbé e pa dà. Ó tọ́ díẹ̀ wò. "Mamaittuq."

Mo ní, "Ẹ̀ẹ́n, mo ti gbọ́ o, mo ti gbọ́." Mo tún lọ gbé e gbóná. Nígbà tí mo dé, èéfín ń rú lórí rẹ̀ bí ẹ̀kọ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ti orí iná sọ̀. Ìyá kàn gbé ṣíbí kalẹ̀, ó fọwọ́ pa mí lọ́wọ́ pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, ó ní, "Tea." Mo po tíì fún un. Mo sọ̀kalẹ̀ lọ sí basement, inú mi ń dùn ṣìnkìn.

Mo pe ìyá mi lójú ẹsẹ̀, alẹ́ ti lẹ́ níbẹ̀. "Ẹ gbọ́ o, wọ́n ń pè mí ní Màmá níbí!"

"Ta ní ń pè ọ́ bẹ́ẹ̀?"

"Ìyá àgbà kan tó wà lókè wa. N kò sọ fún un. Fúnra rẹ̀ ló pè é."

Ìyá mi pariwo. Ó ní orí ìyá ọkọ òun kò sùn, ó ti tẹ̀ lé mi dé Canada. Kí ilẹ̀ tó mọ́, gbogbo ẹbí tó wà ní Ṣakí ti gbọ́.

Mo se ìdì kejì bí ti àkọ́kọ́, mo tún fi ata kún un, mo wá gbé e sínú fúláàsì kí ó má baà tutù. Ní gbogbo ọjọ́ wọ̀nyẹn, Susi ń ṣe iṣẹ́ ìlọ́po méjì, èmi sì ti gba ìsinmi níbi iṣẹ́, nítorí náà èmi àti Ìyá Susi la jọ ń wà nílé. Ìyá ń sọ pé mamaittuq, èmi ń gbé oúnjẹ gbóná, inú mi ń dùn, kò sì jẹ ju ẹnu méjì lọ. Àìsàn ni mo dá lẹ́bi. Èmi nọ́ọ̀sì! Mo ń wo egungun ọrùn rẹ̀ tó ń yọ síta lójoojúmọ́, mo sì ń bá orúkọ mi ṣeré.

Sátidé ni Susi wà nílé. Mo gbé ìyókù ẹran náà wọlé, Ìyá Susi tọ́ ọ wò, ó sọ ọ̀rọ̀ rẹ̀. Mo ní, "Màmá is here o! Let me warm it."

Susi gbójú sókè. "Kí lo sọ?"

"Màmá ló ń pè mí. Ó ní oúnjẹ ti tutù."

Susi fọwọ́ bo ẹnu. Ó wo ìyá rẹ̀, ó wò mí. "Oh, honey. Kò pè ọ́ ní nǹkan kan. Mamaittuq ni. Kò dùn. Ó ń sọ fún ọ pé oúnjẹ yìí ò dùn."

Mo rọra gbé àwo kalẹ̀.

"Láti ìgbà wo ló ti ń sọ ọ́?"

Mo ní, "Ọjọ́ mẹ́sàn-án."

Ó bú sẹ́rìn-ín. Ó rẹ́rìn-ín tó fi di ẹkún mọ́ ọn lójú, mo sì rí i pé ẹkún gidi ni. Ó ní, "Monday tó tẹ̀ lé ti ọ̀tunla la máa tún rí dókítà. Ìyá ti rù sí i. Ìdì kan ló kù. Jọ̀ọ́, fi í sílẹ̀ nínú freezer. Don't touch it."

Mo sọ̀kalẹ̀, mo jókòó sórí ibùsùn mi pẹ̀lú búbà tí mo fi dáná lára. Ojú tì mí débi pé ara mi ń gbóná. Ti oúnjẹ dùn mí, èmi ọmọ olóúnjẹ. Ṣùgbọ́n ti orúkọ ló dùn mí jù. Mo ti wá rò pé ẹnìkan rí mi nínú ìlú yìí, ó sì mọ ẹni tí mo jẹ́. Àṣé ìyá àgbà kan ló ń bẹ̀ mí pé kí n má fi ata pa òun.

Lọ́jọ́ kejì, mo pe ìyá mi, mo jẹ́wọ́. Ẹ̀rín rẹ̀ mú kí fóònù bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀, mo ń wo àjà ilé wọn nínú fóònù fún bí ìṣẹ́jú méjì. Mo ní, "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má rẹ́rìn-ín mọ́."

"Kí lo fi fọ ẹran náà?"

"Iyọ̀ àti ọsàn wẹ́wẹ́."

"Ẹran ìgbẹ́? Ta ló kọ́ ọ nírú ẹ̀?"

"Ẹ̀yin náà ni."

"Ẹran màlúù ni mo kọ́ ọ, ti ọmọ ilé ìwé. Gbọ́ mi. Nígbà tí mo ṣẹ̀ṣẹ̀ wọ ilé bàbá rẹ, ẹtu kan dé láti oko, mo fi gbogbo èròjà sè é kí ìyá ọkọ mi lè yìn mí. Ó tọ́ ọ wò, ó ní, 'Ìyàwó, ẹran dà?' Omi àti iyọ̀ lòun fi ń sè é ní tiẹ̀. Ó ní ẹran tó bá jẹ ewé tútù dàgbà kò wá èròjà lọ́dọ̀ ẹnikẹ́ni. Màmá tí o jẹ́ nìyẹn. O gba orúkọ rẹ̀, o ò gba ọwọ́ rẹ̀."

Mo nu ojú mi.

"Àṣejù baba àṣetẹ́, ọmọ mi. Lọ kúnlẹ̀ fún ẹni tó lẹran, kó kọ́ ọ."

Mo gòkè. Susi wà nídìí tábìlì, ó ń bá àbúrò rẹ̀ ọkùnrin tó fi ẹran ránṣẹ́ sọ̀rọ̀ lórí fóònù. Mo kúnlẹ̀ lórí eékún méjèèjì níwájú Ìyá Susi. Susi ní, "What are you doing? Dìde." Mo ní rárá. Mo ní kí àbúrò rẹ̀ bá mi sọ fún ìyá pé mo tọrọ àforíjì, pé mo ba ẹran ọmọ rẹ̀ jẹ́, pé kí ó jókòó sí kíṣìnnì kí ó kọ́ mi bí wọ́n ṣe ń kọ́ ọmọdé.

Àbúrò rẹ̀ túmọ̀ rẹ̀. Ìyá wò mí. Ó ní nǹkan kan, ọmọkùnrin náà sì rẹ́rìn-ín lójú fóònù. "Ó ní kí ọ̀dọ́bìnrin aláta dìde, orúnkún á máa dùn ún."

Susi ṣì ń lọ́ra. Ó ní, "Èyí tó gbẹ̀yìn ni." Ìyá rẹ̀ ló dá sí i, ó nawọ́ sí freezer.

Ìdì kẹta ló tóbi jù, tegungun tegungun. Ìyá fi ọ̀bẹ aláàbọ̀ òṣùpá tó gbé wá láti ilé gé e sí méjì, ó ní kí a dá apá kan pa dà. Ó gé apá kejì sí ègé ńlá ńlá. Mo ṣí ẹ̀rọ omi kí n fọ̀ ọ́, ó gbá mi lọ́wọ́. Mo fẹ́ gé ọ̀rá, ó tún gbá mi. Omi tútù, kó bo ẹran. Iyọ̀, kó kún àárín àtẹ́lẹwọ́. Ó jẹ́ kí n bu ìfófòó ojú rẹ̀ kúrò, ó sì jẹ́ kí n wọ́n ìrẹsì ẹ̀kúnwọ́ kan sí i níkẹyìn. Ó parí. Ọwọ́ ọ̀tún mi lọ ṣí kọ́bọ́ọ̀dù fúnra rẹ̀, ó ń wá mágì. Ìyá wo ọwọ́ náà, mo dá a pa dà sínú àpò.

Wákàtí kan àtààbọ̀ la fi dúró tì í. Susi ló bi mí pé kí ló dé tí mo fi gbà pé ìyá àgbà lè máa pe irú mi ní Màmá. Fóònù ṣì wà lórí tábìlì. Mo sọ gbogbo rẹ̀: ìyá bàbá mi, oṣù tí wọ́n bí mi, àwọn onírùngbọ̀n tó ń kí mi, èsì tí wọ́n kọ́ mi. Àbúrò Susi ń túmọ̀ rẹ̀ díẹ̀díẹ̀. Nígbà tó parí, Ìyá Susi bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀rọ̀, ó pẹ́, ojú rẹ̀ kò kúrò lára Susi.

Àbúrò Susi ní, "Ó ní bẹ́ẹ̀ ni nílé wa náà. Ẹni tí wọ́n bá fún ní orúkọ òkú, ipò òkú náà ló wà. Orúkọ ìyá tiẹ̀ ló fún ẹ, Susi, orúkọ Inuit rẹ. Ìdí tó fi ń pè ẹ́ ní anaana nìyẹn. Ìyá rẹ̀ ni ẹ́."

Susi ní, "Mo rò pé ó ń kọ́ mi ni. Mo rò pé ó ń sọ ọ́ kí n lè máa sọ ọ́ tẹ̀ lé e, torí pé mo ti gbàgbé èdè." Ó gbé orí lé èjìká ìyá rẹ̀. Gbogbo ọdún tó fi rò pé wọ́n ń kọ́ òun lọ́rọ̀, ipò rẹ̀ ni wọ́n ń fi pè é. Mo yíjú sí ìkòkò, nítorí èmi náà ti ń sunkún, omijé sì ní iyọ̀.

Ọjọ́ yẹn Ìyá Susi jẹ àwo kan, ó fi omi ọbẹ̀ náà lé e lẹ́ẹ̀mejì. Kò sọ nǹkan kan. Ní Friday, ó ní kí n dá se apá tó kù, ó sì lọ dùbúlẹ̀. N kò pe ìyá mi, n kò bi Susi. Mo dúró ti ìkòkò náà bí ẹni ń ṣọ́ ọmọ tuntun. Mo tọ́ ọ wò. Fún ìgbà àkọ́kọ́ mo gbọ́ adùn ẹran yẹn fúnra rẹ̀, ó mọ́, ó jinlẹ̀, ó jọ ẹran tí àwọn onírùngbọ̀n máa ń nà sí mi.

Mo gbé e fún un. Susi dúró lẹ́nu ọ̀nà. Ìyá mu omi ọbẹ̀, ó jẹ ẹran, ó fa ọ̀rá inú egungun mu. Ó gbé irun ojú rẹ̀ méjèèjì sókè, ó ní, "Mamaqtuq."

Mo ní, "Auntie, èwo nìyẹn? Ó ti jọra jù! Èwo ni?"

Susi ń rẹ́rìn-ín, ó ń sunkún. "Ó dùn. Ó ní ó dùn."

Mo jó. Ní kíṣìnnì oníkíṣìnnì, mo jó. Láti ọjọ́ náà ni ẹnu Ìyá Susi ti là. Egungun màlúù olómi àti iyọ̀, ó jẹ ẹ́. Iṣu mi funfun, ó jẹ ẹ́. Dókítà wọ̀n ọ́n ní Monday, ó ní kí ó ṣe ọ̀sẹ̀ méjì sí i bẹ́ẹ̀. Ó ṣe é. Ó wọ ọkọ̀ òfuurufú lọ sílé lórí ẹsẹ̀ ara rẹ̀, ó sì fi ọ̀bẹ aláàbọ̀ òṣùpá rẹ̀ sílẹ̀ fún mi.

Àjò kì í dùn kí onílé má re ilé, mo mọ̀, ilé mi ṣì ni Ṣakí. Ṣùgbọ́n nígbà kan, mo máa ń rò pé ohun tí mo ní láti ṣe ní Calgary ni kí n fi ọwọ́ mi hàn wọ́n, kí wọ́n mọ̀ pé a gbọ́n níbi tí mo ti wá. Ìkòkò yẹn kọ́ mi pé ìgbà tí mo kó ọwọ́ sápò ni ẹnìkan tó rí mi. Ìwé àṣẹ nọ́ọ̀sì mi jáde lẹ́yìn ìgbà náà, wọ́n sì kọ orúkọ mi sí i lódindi. Inú mi dùn sí i. Kò tó ti ọbẹ̀.

Ní April, èmi àti Susi wà nínú mọ́tò lójú ọ̀nà Deerfoot, a ń bọ̀ láti ibi iṣẹ́. Fóònù dún nínú rédíò mọ́tò. Ìyá Susi ni. Ó kí ọmọ rẹ̀, anaana, Susi sì dáhùn pẹ̀lú ohùn ìyá gidi, bó ṣe ti ń ṣe báyìí. Ìyá wá béèrè nǹkan kan. Mo gbọ́ ọ̀rọ̀ náà nínú rẹ̀ kedere, kò sí ìtù lẹ́yìn rẹ̀.

Mo bojú wo Susi. "Ó tún ti tutù àbí?"

Susi ní, "Rárá. Ó ń béèrè bóyá Màmá wà níbẹ̀."

Mo gbé àgbọ̀n mi sókè. Mo súnmọ́ rédíò náà, mo sì dá ìyá àgbà tó ti lé ní àádọ́rin ọdún lóhùn bí wọ́n ṣe kọ́ mi ní Ṣakí.

"Mo wà ńbí, ọmọ mi."